Ṣé O Mọ̀? Oògùn Tí Wọ́n Ń Fún Arúgbó Tí Ara Rẹ̀ Kò Balẹ̀

Wọ́n ní ọjà Ọ̀yìngbò kò mọ̀ pé ẹnì kan kò wá. Ilé kò rí bẹ́ẹ̀. Bí ìyá tó ti tajà títí ọmọ fi di ọ̀gá bá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣi orúkọ ọmọ pè, tí ilẹ̀ ṣú tí wọ́n gbé igbá karí pé àwọn ń lọ pàtẹ, tí wọ́n sì fọ́ ẹni tó dí ẹnu ọ̀nà létí, gbogbo ilé ló máa mọ̀. Kí ilẹ̀ tó mọ́, ẹnì kan á ti ní kí wọ́n sáré ra oògùn oorun wá ní kẹ́míìsì. Kí o tó fún un lówó, gbọ́ nǹkan wọ̀nyí ná.

Ṣé o mọ̀ pé ara àìbalẹ̀ yìí ti wà nínú ìtàn àrùn ìgbàgbé láti ìbẹ̀rẹ̀? Ní 1901, ní ìlú Frankfurt ní Jámánì, wọ́n mú obìnrin ẹni ọdún 51 kan, Auguste Deter, wá sí ilé ìwòsàn tí dókítà Alois Alzheimer ti ń ṣiṣẹ́. Ó ń fura sí ọkọ rẹ̀, ó ń fi nǹkan pamọ́ káàkiri ilé, ó ń pariwo. Nígbà tó kú ní 1906, Alzheimer yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, ó sì rí ìdọ̀tí tó dì sáàárín àwọn sẹ́ẹ̀lì rẹ̀ àti okùn tó lọ́ mọ́ra nínú wọn. Ọpọlọ ló ń ṣàìsàn. Ìyá tó ń ṣarán, tó ń bú ọmọ lálẹ́, kì í ṣe àjẹ́ tó ń jẹ́wọ́.

Ṣé o mọ̀ pé àwọn arúgbó Ìdíkàn ní Ìbàdàn ti kọ́ gbogbo ayé lẹ́kọ̀ọ́ nípa àrùn yìí? Ní nǹkan bí 1992, Ọ̀jọ̀gbọ́n Benjamin Ọ̀ṣúntókun ti Yunifásítì Ìbàdàn àti Hugh Hendrie láti Indiana bẹ̀rẹ̀ ìwádìí kan tó fi àwọn arúgbó Ìdíkàn wé àwọn aláwọ̀ dúdú tó ń gbé ní Indianapolis ní Amẹ́ríkà. Èsì tó jáde ní 2001 ni pé lọ́dọọdún, ìdá 1.35 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn arúgbó Ìbàdàn ni àrùn ìgbàgbé ń mú. Ní Indianapolis, ìdá 3.24 ni. Tiwa kéré, ṣùgbọ́n ó wà. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé àrùn òyìnbó ni.

Ṣé o mọ̀ pé ilé ìwòsàn ọpọlọ Yábá, tí kò jìnnà sí Ọ̀yìngbò, ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún? Ní 1907 ni ìjọba amúnisìn ṣí i, aláìsàn 14 ni wọ́n sì fi bẹ̀rẹ̀. Ibi ìhámọ́ ló jẹ́ nígbà náà ju ibi ìtọ́jú lọ. Títí dòní, “Yábá Left” ni àwọn ọmọ ìta fi ń bú ara wọn, bí wọ́n bá sì ní ká gbé bàbá lọ síbẹ̀, ará ilé á fárígá: “Bàbá wa kì í ṣe wèrè!” Ìtìjú yìí ló ń lé ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ sí kẹ́míìsì, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti ní bi wọ́n léèrè pé ta ni wọ́n fẹ́ fún.

Ṣé o mọ̀ pé igi asofẹ́yẹjẹ ti ń mú ara àwọn tí orí wọn dàrú rọlẹ̀ kí ilé ìwòsàn tó ní oògùn tirẹ̀? Raymond Prince, dókítà ará Kánádà kan, wá ṣiṣẹ́ ní ilé ìwòsàn ọpọlọ Arò ní Abẹ́òkúta ní 1957, nígbà tí Adéoyè Lámbò ń darí ibẹ̀. Ó jókòó ti àwọn oníṣègùn wa, ó rí bí wọ́n ṣe ń lo egbò igi náà, ó sì gbé e jáde nínú ìwé ìròyìn àwọn oníṣègùn ọpọlọ Amẹ́ríkà ní 1960. Reserpine ni kẹ́míkà tó ń ṣiṣẹ́ nínú rẹ̀. Ní 1952 ni àwọn ará Switzerland yọ ọ́ jáde láti ara ìbátan igi náà tó ń hù ní Íńdíà. Ṣùgbọ́n má sáré lọ bá lẹ́kùlẹjà o. Ó lè mú kí ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ lọ sílẹ̀ gan-an, ó sì lè sọ ènìyàn di oníbànújẹ́. Kì í ṣe ohun tí à ń sè fún arúgbó.

Ṣé o mọ̀ pé àwọn oògùn ìfọ̀kànbalẹ̀ tó lókìkí jù kò tilẹ̀ wáyé nítorí àrùn ìgbàgbé? Chlorpromazine, tí ọ̀pọ̀ mọ̀ sí Largactil, dé ọwọ́ àwọn dókítà ọpọlọ ní Paris ní 1952. Haloperidol jáde láti ilé iṣẹ́ Paul Janssen ní Bẹ́ljíọ̀mù ní 1958. Àwọn tí wọ́n ń gbọ́ ohùn tí ẹlòmíràn kò gbọ́ ni wọ́n wá fún. Ẹ̀yìn ìyẹn ni wọ́n yí sọ́dọ̀ àwọn arúgbó.

Ṣé o mọ̀ pé irú oògùn bẹ́ẹ̀ lè gé ẹ̀mí arúgbó kúrú? Ní 2005, àjọ FDA ní Amẹ́ríkà, tó ń ṣe irú iṣẹ́ tí NAFDAC ń ṣe níbí, gbé ìwádìí 17 yẹ̀ wò lórí àwọn tuntun nínú wọn. Láàrin àwọn tí àrùn ìgbàgbé ń ṣe tí wọ́n lo oògùn náà, ìdá 4.5 nínú ọgọ́rùn-ún ló kú láàrin ọ̀sẹ̀ bíi mẹ́wàá. Láàrin àwọn tí wọ́n fún ní oògùn òfìfo, ìdá 2.6 ni. Ọkàn tó dáwọ́ iṣẹ́ dúró àti àrùn ẹ̀dọ̀fóró ló pa ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ní 2008, wọ́n fi irú ìkìlọ̀ kan náà sára haloperidol àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ àtijọ́. Ní Britain, ìròyìn tí Sube Banerjee kọ fún ìjọba ní 2009 sọ pé nínú àwọn bíi 180,000 tó ń lo àwọn oògùn yìí lọ́dún kan, nǹkan bí 36,000 péré ló ń rí àǹfààní díẹ̀ níbẹ̀, nígbà tí àwọn oògùn náà ń fa ikú àfikún bíi 1,800.

Ṣé o mọ̀ pé ọdún 2023 ni FDA ṣẹ̀ṣẹ̀ fọwọ́ sí oògùn àkọ́kọ́ fún ara àìbalẹ̀ tí Alzheimer, oríṣi àrùn ìgbàgbé tí wọ́n fi orúkọ dókítà yẹn pè, ń fà? Brexpiprazole ni orúkọ rẹ̀. Ìkìlọ̀ ikú yẹn wà lára òun náà.

Ṣé o mọ̀ pé parasitamọ́ọ̀lù lásán lè mú ìjà rọlẹ̀? Ní Norway, àwọn oníwádìí mú aláìsàn 352 ní ilé ìtọ́jú arúgbó 18, wọ́n sì ń fún apá kan nínú wọn ní oògùn ara ríro létòlétò. Parasitamọ́ọ̀lù ni ọ̀pọ̀ wọn gbà. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ, ara àìbalẹ̀ wọn ti dín kù ní ìdá 17 nínú ọgọ́rùn-ún. Ní 2011 ni èsì náà jáde. Orúnkún ń ro àwọn arúgbó yìí, eyín ń dùn wọ́n, ẹnu ni kò lè sọ ọ́ mọ́. Igbe àti ẹ̀ṣẹ́ ló wá kù tí wọ́n fi ń ròyìn ara.

Ṣé o mọ̀ pé májèlé Kálábà ló bí ọ̀kan nínú àwọn oògùn ìrántí? Ẹ̀wà kan wà tí àwọn Ẹ́fíìkì ń pè ní esere. Láyé àtijọ́, òun ni wọ́n máa ń fún ẹni tí wọ́n bá fura sí jẹ: bó bá kú, ó jẹ̀bi. Ní 1855, Robert Christison, ọ̀jọ̀gbọ́n kan ní Edinburgh, fi ẹnu ara rẹ̀ tọ́ ọ wò, díẹ̀ ló kù kó bá a lọ. Ní 1864, wọ́n yọ kẹ́míkà physostigmine jáde nínú rẹ̀. Àwòṣe rẹ̀ ni wọ́n wò tí wọ́n fi ṣe rivastigmine, tó ń dáàbò bo acetylcholine, ìyẹn kẹ́míkà tí ọpọlọ fi ń rántí nǹkan.

Ṣé o mọ̀ pé Piriton lè da orí arúgbó rú? Torí pé ó ń fa oorun ni àwọn kan ṣe ń fún ìyá wọn. Ṣùgbọ́n acetylcholine yẹn gan-an ni Piriton, Phenergan àti Artane ń dí lọ́wọ́. Valium àti Lexotan ní ewu tiwọn: ẹsẹ̀ á máa yẹ̀, arúgbó á ṣubú, egungun ìbàdí á kán. Nígbà mìíràn, dípò oorun, ìjà ni wọ́n ń dá sílẹ̀.

Ṣé o mọ̀ pé oríṣi àrùn ìgbàgbé kan wà tí haloperidol lè ṣekú pa ẹni tó ní in? Orúkọ dókítà kan, Lewy, ni wọ́n fi pè é. Ẹni tó ní in máa ń rí ọmọdé tàbí ẹranko tí kò sí nínú yàrá, ara rẹ̀ á le, ìrìn rẹ̀ á falẹ̀, orí rẹ̀ á pé lónìí, á dàrú lọ́la. Ará ilé á ní ẹ̀mí àìrí ló ń bá a ṣeré. Bí o bá rí àmì wọ̀nyí, sọ fún dókítà kó tó kọ oògùn kankan.

Ṣé o mọ̀ pé oògùn ìfọ̀kànbalẹ̀ gbọ́dọ̀ ní ọjọ́ tí yóò parí? Ìgbà kan wà tó tọ́ láti lò ó: bí arúgbó bá fẹ́ ṣe ara rẹ̀ tàbí ẹlòmíràn léṣe, tí gbogbo ọ̀nà yòókù kò sì ràn án. Ní Britain, wọ́n gba risperidone láyè fún irú ọ̀rọ̀ yìí, ìwọ̀n kékeré, kò sì gbọdọ̀ ju ọ̀sẹ̀ mẹ́fà lọ. Ìwádìí kan níbẹ̀, tí èsì rẹ̀ jáde ní 2009, tẹ̀ lé aláìsàn 165 tó ti ń lo irú oògùn bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn ọdún méjì, ìdá 71 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn tí wọ́n gba oògùn náà lọ́wọ́ wọn ṣì wà láàyè; láàrin àwọn tí wọ́n ní kí wọ́n máa lò ó lọ, ìdá 46 ni.

Nítorí náà, bí ara ìyá tàbí bàbá kò bá balẹ̀ lálẹ́ òní, kọ́kọ́ wo ohun tó ń ṣe wọ́n. Ṣé ibà ni? Ṣé ìtọ̀ ń ta wọ́n? Ọjọ́ mélòó ni wọn kò tíì yàgbẹ́? Ṣé ebi ni, àbí iná tó lọ tí ibi gbogbo ṣókùnkùn ló dẹ́rù bà wọ́n? Má bá wọn jiyàn pé ọjà ti tú; bi wọ́n pé kí ni wọ́n fẹ́ tà, kí o sì mú wọn jókòó. Bó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dé lójijì láàrin ọjọ́ kan sí méjì, ilé ìwòsàn ni kó o gbé wọn lọ kíá. Ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ wà ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́tà, LUTH wà ní Ìdí-Àràbà, Yábá náà sì wà níbẹ̀. Kó gbogbo oògùn tí wọ́n ń lò sínú ọ̀rá, títí kan àgbo, kí dókítà rí i. Bó bá sì kọ oògùn ìfọ̀kànbalẹ̀, bi í ní ọjọ́ tí wọn yóò dáwọ́ rẹ̀ dúró kó o tó kúrò níwájú rẹ̀.