Marranito: Bisikíìtì Olóòórùn Dídùn ti Ilẹ̀ Mẹ́síkò

Nínú ọ̀pọ̀lọpọ̀ búrẹ́dì dídùn tí àwọn ará Mẹ́síkò máa ń jẹ, ọ̀kan wà tí ọmọdé kì í ṣì mọ̀. Ó pọ́n bí amọ̀ tí iná ti sun, ìrísí rẹ̀ sì jẹ́ ti ẹlẹ́dẹ̀ kékeré. Marranito ni wọ́n ń pè é, èyí tí ìtumọ̀ rẹ̀ jẹ́ ọmọ ẹlẹ́dẹ̀. Àwọn mìíràn ń pè é ní cochinito tàbí puerquito. Kò sí ẹran nínú rẹ̀ rárá. Àwọn tó ń fi èdè Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé nípa rẹ̀ a máa kà á mọ́ bisikíìtì tí a fi atalẹ̀ ṣe, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ìyá tó ń yan án nílé ni kì í fi atalẹ̀ sí i. Ibòmíràn ni adùn rẹ̀ ti ń wá.

Ṣúgà kan tí ń jẹ́ piloncillo ni ìpìlẹ̀ rẹ̀. Wọn a fún omi ìrèké, wọn a sè é títí yóò fi ki, wọn a sì dà á sínú ohun tó rí ṣóńṣó bí òkòtó. Bí ó bá tutù tán, a le bí òkúta. Wọn kì í yọ oje dúdú kúrò nínú rẹ̀ bí ilé iṣẹ́ ti ń yọ ọ́ kúrò nínú ṣúgà funfun. Àwọn ará Brazil ní irú rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní rapadura, àwọn Hausa náà sì ń ṣe mazarkwaila. Oje dúdú yìí ni ó fún bisikíìtì náà ní àwọ̀. Òun ni kì í jẹ́ kí ó tètè gbẹ. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ rẹ̀ tó tóbi jù lọ fara sin. Ó ní ìkan díẹ̀ nínú, bí ìkan náà bá sì pàdé sódà tó wà nínú ìyẹ̀fun, afẹ́fẹ́ yóò rú jáde, yóò sì gbé e wú. Ẹni tó bá fi ṣúgà funfun rọ́pò rẹ̀ kò fún sódà ní ohun tí yóò bá ṣiṣẹ́: bisikíìtì rẹ̀ yóò le, yóò sì máa ṣe bí ọṣẹ lẹ́nu.

Àwọn kan a máa bèèrè pé kí ló kù tó jẹ́ ti Mẹ́síkò nínú rẹ̀. Ìbéèrè náà lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Kí àwọn ará Sípéènì tó ṣẹ́gun ìlú Tenochtitlan ní 1521, àgbàdo ni oúnjẹ ilẹ̀ náà. Kò sí àlìkámà, kò sí ìrèké, kò sí ẹlẹ́dẹ̀ ilé. Ọmọ Áfíríkà kan, Juan Garrido, tó bá àwọn ará Sípéènì jagun níbẹ̀, kọ ìwé ẹ̀bẹ̀ sí ọba Sípéènì ní 1538. Ó sọ nínú rẹ̀ pé òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó gbin àlìkámà ní ilẹ̀ náà tó sì kórè rẹ̀. Ní ti ìrèké, òógùn ẹrú ni wọ́n fi gbìn ín, ọ̀pọ̀ wọn sì jẹ́ ọmọ Áfíríkà. Ọdún 1829 ni Ààrẹ Vicente Guerrero, tí ẹ̀jẹ̀ Áfíríkà wà lára òun fúnra rẹ̀, fòpin sí oko ẹrú níbẹ̀. Kínámónì, èèpo igi olóòórùn tí Bíbélì dárúkọ, wà lára ẹrù Éṣíà tí ọkọ̀ òkun ń kó láti Manila lọ sí Acapulco láàárín 1565 sí 1815. Ẹni tó bá wá torí èyí pe bisikíìtì náà ní àjèjì, kí ó rántí pé Mẹ́síkò ni àgbàdo tí wọ́n fi ń ṣe ẹ̀kọ nílẹ̀ Yorùbá ti ṣẹ̀ wá.

Yíyan án nílé kò nira, sùúrù ni ó ń fẹ́. Piloncillo gíráàmù 225, omi ìlàjì ife àti igi kínámónì kan ni alásè yóò gbé kaná títí ṣúgà yóò fi yọ́. Yóò sẹ́ ẹ, yóò sì fi í sílẹ̀ títí yóò fi lọ́ wọ́ọ́rọ́. Ibí yìí ni àwọn oníkánjú ti ń kùnà: ẹyin tó bá bọ́ sínú omi ṣúgà gbígbóná, sísè ni yóò sè. Ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ gíráàmù 115 ni yóò tẹ̀lé e, pẹ̀lú ẹyin kan. Ẹni tí kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀ lè fi bọ́tà dípò. Lẹ́yìn náà ni ìyẹ̀fun àlìkámà gíráàmù 450, tí wọ́n ti pò mọ́ ṣíbí tíì kan kínámónì lílọ̀, ṣíbí tíì kan sódà àti iyọ̀ díẹ̀. Kì í ṣe pípò bí ti búrẹ́dì, nítorí bí ọwọ́ bá pọ̀ jù nínú rẹ̀, yóò yi. Yóò lẹ̀ mọ́ ọwọ́ díẹ̀, ṣùgbọ́n kí alásè má ṣe torí èyí da ìyẹ̀fun sí i. Wákàtí méjì nínú fíríìjì ti tó láti mú un gan. Bí ó bá ti tẹ́ ẹ pẹrẹsẹ, tí kò fẹ́lẹ́ ju ìlàjì sẹ̀ǹtímítà lọ, yóò gé e ní àwòrán ẹlẹ́dẹ̀. Ẹni tí kò bá ní irin ìgé lè fi ọ̀bẹ tọ ipasẹ̀ páálí tó ti gé sílẹ̀. Yóò fi ẹyin pípò pa á lára kí ó lè máa dán, yóò sì yan án nínú ààrò tó gbóná tó 180°C fún ìṣẹ́jú 10 sí 12. Kí ó tó le ni kí ó ti yọ ọ́, ìta ni yóò ti parí líle rẹ̀.

Àwọn ará Mẹ́síkò a máa jẹ ẹ́ pẹ̀lú café de olla, kọfí tí wọ́n ń sè nínú ìkòkò amọ̀ pẹ̀lú piloncillo àti kínámónì kan náà. Ní ọjọ́ kejì, òórùn rẹ̀ a tún máa ta sánsán ju ti ọjọ́ tí wọ́n yan án lọ.