Ìgbà Mẹ́ta Ni Ọdẹ́wálé Kúrò Nílé

Awuyewuye tó bẹ́ sílẹ̀ ní kíláàsì Lítíréṣọ̀ wa lọ́sẹ̀ tó kọjá ò tíì tán nínú mi: Ọdẹ́wálé inú The Gods Are Not to Blame, ṣé ó jẹ̀bi àbí kò jẹ̀bi?

Ọlá Rótìmí ló kọ eré náà. Ilé-Ifẹ̀ ni wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe é ní 1968, ogun abẹ́lé ń lọ lọ́wọ́ nígbà náà. Ìtàn Oedipus, ọba Thebes nílẹ̀ Gíríìsì, ló wọ̀ láṣọ Yorùbá: ọmọ pa bàbá, ó fi ìyá ṣaya, kò sì mọ̀.

Ní jòjòló ni wọ́n ti kọ́kọ́ lé Ọdẹ́wálé. Ifá ti sọ ohun tó máa ṣe, wọ́n bá dè é lẹ́sẹ̀, wọ́n ní kí Gbọ̀nkáà gbé e lọ sígbó. Nígbà kejì, òun fúnra rẹ̀ ló sá. Ó gbọ́ àsọtẹ́lẹ̀ yẹn, ó sì rò pé Ògúndélé tó tọ́ ọ ló bí i. Ṣé ẹ rí i? Èèwọ̀ ló ń sá fún, ọ̀dọ̀ èèwọ̀ ló sá lọ. Kò yọ́ ìyàwó ẹnikẹ́ni fẹ́ o. Àṣà ìlú ló fa Ọjúọlá lé e lọ́wọ́ pẹ̀lú adé.

Àwọn kan ní kádàrá ni. Èmi ò gbà. Lóko iṣu lẹ́bàá Ẹdẹ, àgbàlagbà kan fi ahọ́n rẹ̀ ṣẹ̀sín, ó ní ará oko ni ẹ̀yà rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn ló mú un gbé ọkọ́ lé bàbá tó bí i lórí.

Ẹ jẹ́ kí n jẹ́wọ́. Yorùbá, Fúlàní, Núpé, Bàrùbá, gbogbo wa la wà ní kíláàsì kan ní GRA níbí. Ọmọ Núpé kan ló ń ka ipa Ọdẹ́wálé fún wa lọ́jọ́ náà, a fi ahọ́n rẹ̀ rẹ́rìn-ín, èmi náà wà ńbẹ̀. Ó pa ìwé dé.

Ìgbà kẹta ló dùn mí jù. Ọdẹ́wálé ti fi idà Ògún búra pé òun á fọ́ ojú apààyàn náà, òun á sì lé e nílùú. Nígbà tó rí i pé òun ni, ó fọ́ ojú ara rẹ̀, ó kó àwọn ọmọ rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó lọ. Ẹnikẹ́ni ò lé e.

Ibẹ̀ ló kù tá a máa kà. Mo ti bẹ ọ̀rẹ́ wa yẹn pé kó wá kà á. Kò tíì dá mi lóhùn.