Ilé Tí Ń Fetí Sí Ìràwọ̀: Iṣẹ́ Àwọn Awòràwọ̀ Ìlú Manchester

Ẹni tí ó bá ń gbé Old Trafford ní ìlú Manchester, níbi tí pápá bọ́ọ̀lù àti pápá kíríkẹ́ẹ̀tì ti ń fi iná bá òkùnkùn jà, tí òjò àti awọsánmà kì í sì í pẹ́ kí wọn tó tún dé, lè lo ogún ọdún níbẹ̀ kí ojú rẹ̀ má kan àgbájọ ìràwọ̀ tí a ń pè ní Andromeda rí. Bẹ́ẹ̀ ni ọmọ àgbẹ̀ tí ó sun abà ní Òkè Ògùn nínú oṣù Bélú, kí ọyẹ́ tó gbalẹ̀, lè fi ojú lásán rí i, àmì funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan tí ó dà bí ẹni pé a fi ìka nu ún mọ́ ojú ọ̀run. Síbẹ̀ ẹnu àwọn ará yunifásítì Manchester ni ayé ti gbọ́ ọ ní ọdún 1950 pé àgbájọ náà ń sọ ìgbì rédíò jáde. Bí ìlú tí kò rí ọ̀run ṣe di ìlú tí ń gbọ́ ohùn ọ̀run, ohun tí ó yẹ kí àwọn ènìyàn wa tí ń gbé àdúgbò náà mọ̀ ni.

Àwọn ohun tí ó wà lẹ́yìn oòrùn àti àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ kì í ṣe irú kan. Òmíràn jẹ́ ìkùukùu afẹ́fẹ́ àti eruku, níbi tí a ti ń bí ìràwọ̀ titun, tàbí níbi tí ìràwọ̀ àgbà kan ti tú ká nígbà tí ọjọ́ rẹ̀ pé. Òmíràn jẹ́ ọ̀wọ́ ìràwọ̀ tí a bí pọ̀ tí wọn kò sì tíì túká, irú bí ìràwọ̀ méje tí wòlíì Ámósì dárúkọ nínú Bíbélì. Èyí tí ó sì pabanbarì ni àgbájọ ìràwọ̀, tí ìràwọ̀ inú rẹ̀ tó ẹgbẹẹgbẹ̀rún mílíọ̀nù. Irú èyí ni Andromeda, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ tí ó sì dé ojú wa lónìí ti gbéra níbẹ̀ láti nǹkan bí mílíọ̀nù ọdún méjì ààbọ̀ sẹ́yìn, kí ẹnikẹ́ni tó tẹ Ilé-Ifẹ̀ dó, kí a tó máa fẹnu sọ ìtàn rárá.

Iṣẹ́ ilé ìwòràwọ̀ ni láti máa ṣọ́ irú nǹkan wọ̀nyí lálaalẹ́, kí ó sì máa kọ ohun tí ó bá rí sílẹ̀, kí ẹni tí a kò tíì bí lè fi ti àná wé ti òní. Irú ilé bẹ́ẹ̀ ti wà ní Manchester tipẹ́: ní 1903 ni Francis Godlee, ọlọ́rọ̀ oníṣòwò òwú, fi ọ̀kan ta ìlú lọ́rẹ, wọ́n sì kọ́ ọ sí òkè pátápátá ilé-ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ ní Sackville Street, níbi tí Ẹgbẹ́ Awòràwọ̀ Manchester ti lò ó fún ọ̀pọ̀ ọdún. Mo bọ̀wọ̀ fún irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ gidigidi, nítorí ìfẹ́ ni wọ́n fi ń ṣe é, kì í ṣe owó oṣù. Ṣùgbọ́n èéfín àti iná ìlú kò jẹ́ kí ojú wọn ríran tó bí ọkàn wọn ti fẹ́.

Bí a kò bá rí àdàn, à fi òòbẹ̀ ṣẹbọ. Bí ojú kò bá sì ríran, etí ni a ó lò. Bernard Lovell, olùkọ́ ìmọ̀ fisíìsì ní yunifásítì náà, ti lo àwọn ọdún ogun nídìí réda, ẹ̀rọ tí ń fi ìgbì rédíò wá ọkọ̀ òfurufú ọ̀tá, èyí tí ilé-iṣẹ́ Metropolitan-Vickers ní Trafford Park, tí ó bá Old Trafford pààlà, wà lára àwọn tí ó ń rọ irinṣẹ́ rẹ̀. Nígbà tí ogun parí ní 1945, ó gba réda àwọn ológun tí wọn kò lò mọ́, ó gbé e sí ọgbà yunifásítì láti fi tẹ́tí sí ojú ọ̀run. Ṣùgbọ́n ariwo iná mànàmáná tírámù tí ń kọjá ní Oxford Road bo gbogbo ohun tí ó fẹ́ gbọ́ mọ́lẹ̀. Ní oṣù Ọ̀pẹ ọdún kan náà ni ó kó ẹrù rẹ̀ lọ sí Jodrell Bank ní ìpínlẹ̀ Cheshire, nǹkan bí ogún máìlì sí gúúsù ìlú, sórí ilẹ̀ tí àwọn onímọ̀ ewéko yunifásítì ń dá oko sí.

Níbẹ̀ ni wọ́n ti fi wáyà hun àwo ràgàjì kan tí ń gba ìgbì rédíò láti ọ̀run ní 1947, tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mítà 66, tí ó dojú kọ òkè gan-an láìyí padà. Àwo tí kò lè yíjú lè dà bí ohun tí kò wúlò, ṣùgbọ́n ayé ni ó ń yí fún un. Robert Hanbury Brown àti Cyril Hazard, àwọn ará yunifásítì náà, tẹ òpó àárín rẹ̀ díẹ̀, wọ́n sì dúró de Andromeda ní òru dé òru, bí ọdẹ ti í dúró de ẹran lójú ipa, títí ìgbì rédíò rẹ̀ fi hàn kedere lórí ìwé wọn. Láti ìgbà náà ni ó ti dáni lójú pé àgbájọ ìràwọ̀ mìíràn ń fọhùn gẹ́gẹ́ bí èyí tí àwa wà nínú rẹ̀ ti ń fọhùn.

Lovell kò dúró níbẹ̀. Ó fẹ́ àwo tí yóò lè kọjú sí ibi gbogbo, òun àti Charles Husband, onímọ̀ ẹ̀rọ ará Sheffield, sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà ní 1952. Owó ni kẹ̀kẹ́ ìhìnrere, owó náà sì kọjá ohun tí wọ́n dá lé, tó bẹ́ẹ̀ tí gbèsè fẹ́rẹ̀ẹ́ bo Lovell mọ́lẹ̀. Àwo náà parí ní 1957: ràbàtà lórí irin, aborí-róbótó-tẹ́tí-sọ́run, fífẹ̀ rẹ̀ mítà 76, ìwọ̀n rẹ̀ tọ́ọ̀nù 3,200, irin eléyín tí a yọ lára ọkọ̀ ojú omi àwọn ológun sì wà lára ohun tí ń yí i. Ní oṣù Ọ̀wàrà ọdún náà ni Rọ́ṣíà ta sátẹ́láìtì Sputnik sókè, àwo Jodrell Bank sì fi réda rí rọ́kẹ́ẹ̀tì tí ó gbé e lọ. Láti ìgbà náà ni ahọ́n àwọn tí ń bú u nítorí owó náà ti rọ̀, ní 1960 ni ọlọ́rọ̀ kan tí ń jẹ́ Lord Nuffield àti àjọ rẹ̀ sì san gbèsè tí ó kù. Lónìí orúkọ Lovell ni àwo náà ń jẹ́, àjọ UNESCO sì kọ ibẹ̀ mọ́ àwọn ogún gbogbo ayé ní 2019.

Ọmọ ilẹ̀ wa kò sí lẹ́yìn nínú iṣẹ́ yìí. Samuel Okoye, ọmọ Nàìjíríà tí ó kàwé ní Ìbàdàn kí ó tó lọ sí Cambridge, ni òun àti awòràwọ̀ Antony Hewish rí i ní 1965 pé ohun kékeré kan tí ìgbì rédíò rẹ̀ lágbára púpọ̀ wà nínú ìkùukùu tí a ń pè ní Crab, àjókù ìràwọ̀ tí àwọn ará Ṣáínà rí nígbà tí ó bú gbàmù ní 1054. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà ni a mọ̀ pé òkú ìràwọ̀ kan ni ó wà níbẹ̀ tí ń yí nígbà 30 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, àwo kékeré kan ní Jodrell Bank sì ń ṣọ́ ọ lójoojúmọ́. Okoye padà wálé, ó sì fi ìdí ìmọ̀ yìí múlẹ̀ ní Nsukka. Ó dùn mí pé orúkọ rẹ̀ kò sí lẹ́nu àwọn ọmọ ilé-ìwé wa.

Àwọn àgbà ní ojú ọ̀run tẹ́ ẹyẹ fò láìfara kanra. Ìgbì rédíò ni kò rí bẹ́ẹ̀. Àlejò tí ó bá dé Jodrell Bank, wọn yóò bẹ̀ ẹ́ kí ó pa fóònù rẹ̀, nítorí ohùn fóònù kan ṣoṣo le ju ohùn àgbájọ ìràwọ̀ lọ lọ́nà tí ẹnu kò lè sọ. Nítorí náà ni a fi ń kọ́ àwọn ẹ̀rọ titun tí ń gbọ́ ìgbì rédíò ọ̀run, tí a ń pè ní SKA, sí aṣálẹ̀ ilẹ̀ Gúúsù Áfíríkà àti Ọsirélíà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé Jodrell Bank ni olú ilé-iṣẹ́ rẹ̀. Gánà pẹ̀lú ti dá sí i: àwo sátẹ́láìtì ní Kuntunse lẹ́bàá Àkrà, tí wọ́n ń fi gba ìpè tẹlifóònù tẹ́lẹ̀, ni wọ́n tún ṣe, tí ó sì di ti awòràwọ̀ ní 2017. Àwa náà ní irú àwo bẹ́ẹ̀ ní Lánlátẹ̀, èyí tí ó ti gbé ohùn Nàìjíríà lọ sí òkè òkun rí kí a tó pa á tì. Mo fẹ́ kí ìjọba àti àwọn yunifásítì wa rán onímọ̀ ẹ̀rọ lọ síbẹ̀, kí wọ́n yẹ irin rẹ̀ wò bóyá ó ṣì lágbára, kí wọ́n sì bi àwọn ará Kuntunse léèrè iye tí iṣẹ́ náà ná wọn.