ORÚKỌ TÍ A FÚN ỌGBẸ́ ỌWỌ́

Gbogbo wa ni a mọ̀ pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ṣùgbọ́n ó lè ya púpọ̀ nínú wa lẹ́nu láti gbọ́ pé ọgbẹ́ pàápàá ní orúkọ, àti pé bí a bá ṣì í sọ, ẹni tí ó ni ọwọ́ ni yóò jìyà rẹ̀.

Nígbà tí a lọ fi iṣẹ́ ìkọ́ni dánra wò ní ilé ẹ̀kọ́ kan ní Àgọ́ Palace, ní ìhà Ìsọlọ̀, ọmọkùnrin kan ṣubú lu fèrèsé onígíláàsì, ó sì gé e ní ọrùn ọwọ́. Ẹ̀jẹ̀ pupa fòò ń tú jáde, ó ń tú, ó ń rọlẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ọkàn rẹ̀ ti ń lù. A fi aṣọ mímọ́ tẹ ojú ọgbẹ́ náà gírígírí, a gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè, a kò sì ṣí i wò títí a fi dé ilé ìwòsàn. Níbẹ̀ ni wọ́n ti rán awọ rẹ̀ pọ̀. Ohun tí wọ́n sì kọ sínú ìwé rẹ̀ kò ju “ọgbẹ́ ọrùn ọwọ́” lọ. Lẹ́yìn oṣù méjì, ìka kékeré rẹ̀ àti èyí tí ó tẹ̀ lé e bẹ̀rẹ̀ sí tutù, wọ́n sì ń dùn ún nígbàkúùgbà tí ó bá ń kọ̀wé. Dókítà mìíràn tí a mú un lọ bá béèrè pé, “Iṣan wo ni ó gé?” Ìwé kò lè dáhùn.

Kí ìbéèrè yìí lè yé wa, ẹ jẹ́ kí olúkúlùkù wo ọwọ́ ara rẹ̀. Iṣan ńlá méjì ni ó ń gbé ẹ̀jẹ̀ tí ó ti ọkàn wá dé ọwọ́. Ọ̀kan ń gba ìhà àtàǹpàkò. Òun ni dókítà ń fi ìka kàn láti mọ bí ọkàn ti ń lù. Èkejì ń gba ìhà ìka kékeré. Nínú àtẹ́lẹwọ́, wọ́n tẹ̀ bí ọrun ọdẹ ní ọ̀nà méjì, ọ̀kan sún mọ́ awọ, èkejì wà nísàlẹ̀ lẹ́bàá eegun. Nínú ọ̀pọ̀ ènìyàn, àwọn iṣan náà so pọ̀ mọ́ ara wọn, tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé bí ọ̀kan bá gé, èkejì lè máa bọ́ gbogbo ọwọ́. Àánú ńlá ni èyí, ṣùgbọ́n ẹ̀tàn wà nínú rẹ̀: ọwọ́ lè gbóná síbẹ̀, kí ẹni tí ń rán ọgbẹ́ sì rò pé awọ nìkan ni ó ya.

Nítorí irú nǹkan báyìí ni Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣe ń tọ́jú ìwé kan tí ó fún àìsàn àti ìpalára gbogbo ní àmì, kí ohun kan náà lè yé dókítà ní Ìsọlọ̀ àti dókítà ní Jámánì. Nínú àtúnṣe kẹwàá ìwé náà, tí wọ́n fọwọ́ sí ní 1990, S60 títí dé S69 jẹ́ ti ìpalára ọrùn ọwọ́ àti ọwọ́. S61 ni ọgbẹ́ tí ó lanu. S62 ni eegun tí ó ṣẹ́. S65 ni iṣan ẹ̀jẹ̀. Nọ́ńbà ìkẹyìn ni ó ń dárúkọ iṣan náà gan-an. S65.0 ni ti ìhà ìka kékeré, S65.1 ni ti ìhà àtàǹpàkò, S65.2 àti S65.3 ni ti ọrun méjèèjì inú àtẹ́lẹwọ́, S65.4 ni ti àtàǹpàkò fúnra rẹ̀, S65.5 ni ti ìka yòókù. S65.9 ni ti iṣan tí ẹnikẹ́ni kò dárúkọ. Àmì mìíràn tún wà fún ohun tí ó fa ìpalára: W25 ni ti gíláàsì mímú.

Akọ̀wé tí ń tọ́jú ìwé àwọn aláìsàn ni ó ń yan àmì, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ fi èrò ara rẹ̀ kún ohun tí dókítà kọ. Bí dókítà bá kọ “ọgbẹ́” nìkan, S61 ni yóò kọ, iṣan tí ó gé yóò sì dà bí ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí.

Jacques Bertillon ará Faransé ni ó fi ìpìlẹ̀ ìwé yìí lélẹ̀ ní 1893, ṣùgbọ́n ohun tí ń pa ènìyàn ni tirẹ̀ wà fún. Ní 1948, nínú àtúnṣe kẹfà, ni a tó fi àìsàn àti ìpalára tí kò pani kún un. Ṣáájú èyí ni ilé ìwòsàn Ìgbóbì ní Èkó ti bẹ̀rẹ̀ fún àwọn ọmọ ogun tí ó fara gbọgbẹ́. Irú wọn kò sí nínú ìwé òkú, bẹ́ẹ̀ ni ọwọ́ tí kò lè ṣiṣẹ́ mọ́ kì í ṣe ohun kékeré fún ẹni tí ń fi í jẹun. Àtúnṣe kọkànlá ti wà lẹ́nu iṣẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ 2022, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ inú rẹ̀ kò yàtọ̀: a kò lè ka ohun tí a kò dárúkọ.

Kí ni èyí kan olùkọ́? Àwa ni a rí ẹ̀jẹ̀ náà bí ó ti ń tú ní ìhà ìka kékeré, a kò sì sọ ọ́, nítorí a rò pé ọ̀rọ̀ dókítà ni. Bí a bá ti sọ ọ́, bóyá wọn ìbá ti wò jìnnà ju awọ lọ. Láti ìgbà náà ni a ti ń kọ ọ́ sínú ìwé kékeré kan: ohun tí ó gé ọmọ, ibi tí ó gé, bí ẹ̀jẹ̀ ti jáde, àti wákàtí rẹ̀, a sì ń fi lé dókítà lọ́wọ́.

A yẹ ọwọ́ ọmọ náà wò láti ìbẹ̀rẹ̀, S65.0 ni. Ó ń kọ̀wé títí di òní, ṣùgbọ́n ní òwúrọ̀ òjò, ó ní láti kọ́kọ́ fi ìka méjì sínú àpò kí wọ́n gbóná, kí ó tó mú kálámù.