Ẹ̀rọ afín-oògùn fún ikọ́ fée: bí a ti ń lò ó, bí a ti ń fọ̀ ọ́, àti ohun tí a ó yẹ̀ wò nígbà tí kò bá ṣiṣẹ́

Nínú gbogbo ìwé pélébé tí a ti túmọ̀ fún àwọn ilé ìwòsàn sí èdè Yorùbá-Nàgó, èyí tí ó gba àkókò wa jù lọ ni ti ẹ̀rọ kékeré kan tí kò ju àpótí bàtà lọ. Àwọn elédè Faransé ń pè é ní nébuliseur. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti sọ oògùn olómi di nǹkan fífúyẹ́ tí ẹni tí ikọ́ fée ń dà láàmú lè fà sínú ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀. Nígbà kan rí, ilé ìwòsàn ńlá nìkan ni a ti ń bá a pàdé. Lónìí, ó ti wọ inú ilé àwọn ènìyàn. Bí ó bá sì dé, tí ìwé inú páálí rẹ̀ jẹ́ ti èdè àjèjì, ta ni àwọn ará àdúgbò ń ránṣẹ́ sí? Ẹ̀yin olùkọ́ni ní mọ̀-ọ́n-kọ mọ̀-ọ́n-kà ni. Nítorí náà ni a ṣe kọ àpilẹ̀kọ yìí sí yín. Àwa kì í ṣe oníṣègùn: irú oògùn tí aláìsàn yóò lò àti ìwọ̀n rẹ̀, ẹnu dókítà ni kí a ti gbọ́ ọ. Ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ àti ọ̀rọ̀ tí a fi ń ṣàlàyé rẹ̀ ni ó kàn wá.

Ẹ jẹ́ kí á ti orí ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni a ti kọ́kọ́ ṣìnà. Nínú ìwé tí a kọ ní àkọ́kọ́, a sọ pé ẹ̀rọ náà ń sọ oògùn di ooru. A kà á sétí àwọn ìyá kan nínú kíláàsì alẹ́ ní abúlé kan lẹ́bàá Kétu. Ọ̀kan nínú wọn gbé ẹ̀rọ náà lọ́wọ́, ó fọwọ́ kan ife oògùn, ó ní: "Ẹ̀yin tíṣà, bí ooru bá ń jáde níhìn-ín, níbo ni iná rẹ̀ wà? Ó tutù. Ṣé ó ti bàjẹ́ ni?" Ìyá yìí kò ṣìwí. Ooru lẹ́nu wa ni ohun tí ń gòkè láti inú ìkòkò tí ó ń hó. Kò sí ooru tí kò gbóná. Bí a bá fi ìwé náà sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ẹlòmíràn ìbá ti gbé oògùn ọmọ rẹ̀ ka iná.

A yẹ àwọn ọ̀rọ̀ mìíràn wò. Èéfín kò ṣeé lò, nítorí láti ara ohun tí ń jó ni èéfín ti ń wá, kò sì sí ìyá tí yóò mọ̀ọ́mọ̀ fín èéfín sí ọmọ tí kò lè mí. Ìrì ń sẹ̀ sórí ewé ni, kì í fò. Ṣùgbọ́n kùrukùru, èyí tí ń bo oko mọ́lẹ̀ ní ìdájí, omi tútù ni, ẹ̀kán rẹ̀ sì kéré tó bẹ́ẹ̀ tí kò fi lè bọ́ sílẹ̀. Ohun tí ẹ̀rọ náà ń ṣe gan-an nìyẹn. Ní ti ọ̀rọ̀-ìṣe, fín ti wà nílẹ̀: a ń fín lọ́fínńdà sára aṣọ, a ń fín oògùn ẹ̀fọn sí yàrá. Báyìí ni a ṣe mú ẹ̀rọ afín-oògùn. A kò sọ pé orúkọ mìíràn kò lè dára jù ú lọ. Bí ọ̀rọ̀ kan bá wà ní Ṣábẹ̀ẹ́ tàbí ní Àjàṣẹ́ tí ó yé ènìyàn ju èyí lọ, ẹ lò ó, bí kò bá ṣá ti ní iná nínú.

Iná inú ọ̀rọ̀ náà ká wa lára nítorí pé ẹ̀rọ mìíràn wà tí ó ń lo iná ní tòótọ́. Ní òkè òkun, wọ́n ń ta ẹ̀rọ oníná kan tí ó ní wáyà kékeré nínú. Wáyà náà yóò gbóná, yóò sì sọ ògidì oje igbó tàbí ti tábà di ooru tí ènìyàn ń fà sínú. Lójú ẹni tí kò mọ̀, ìkan náà ni méjèèjì. Ní ọdún 2019, àrùn ẹ̀dọ̀fóró bẹ́ sílẹ̀ láàárín àwọn tí ń fa irú ooru bẹ́ẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Títí di oṣù kejì ọdún 2020, iye àwọn tí a gbà sí ilé ìwòsàn tàbí tí wọ́n kú jẹ́ 2,807. Àwọn tí ó kú nínú wọn jẹ́ 68. Ohun tí àwọn olùwádìí nàka sí jù lọ ni irú fítámì E kan tí ó jẹ́ olóròóró, tí àwọn kan fi ń la oje igbó náà. A ó padà sórí ọ̀rọ̀ òróró yìí.

Báwo wá ni ẹ̀rọ tiwa ṣe ń ṣiṣẹ́ láìsí iná ìdáná? Ẹ rántí ẹwìrì alágbẹ̀dẹ. Mótò inú ẹ̀rọ náà ni ẹwìrì: ó ń fa afẹ́fẹ́ wọlé gba inú asẹ́ kékeré kan, ó ń fún un pọ̀, ó sì ń tì í gba inú okùn rọ́bà lọ sí ìdí ife oògùn. Ihò kan wà níbẹ̀ tí ó tínrín gidigidi. Bí afẹ́fẹ́ bá ti ń fi ipá gba ihò yìí jáde, ó ń fa oògùn sókè, ó sì ń fà á ya wẹ́wẹ́. Èérún rọ́bà kan dúró lókè ihò náà bí ìdènà. Ẹ̀kán tí ó tóbi yóò kọ lù ú, yóò padà sínú ife, èyí tí ó kéré nìkan ni yóò ráyè kọjá. Bí a bá pín mìlímítà kan sí ọ̀nà 1,000, ẹ̀kán tí ó ń wọ inú ẹ̀dọ̀fóró kò ju ọ̀nà 1 sí 5 nínú rẹ̀ lọ. Èyí tí ó bá tóbi jù bẹ́ẹ̀ yóò lẹ̀ mọ́ ọ̀fun, a ó sì gbé e mì lásán. Àwọn ẹ̀rọ mìíràn wà tí ń fi gbígbọ̀n ṣe iṣẹ́ yìí dípò afẹ́fẹ́, ṣùgbọ́n elẹ́wìrì ni ó wọ́pọ̀ jù, òun ni a ó máa sọ.

Ẹni tí yóò lò ó yóò kọ́kọ́ fi ọṣẹ fọ ọwọ́. Orí tábìlì ni kí ó gbé ẹ̀rọ lé, kì í ṣe orí ẹní tàbí bẹ́ẹ̀dì, kí ó má baà máa fa eruku. Oògùn tí dókítà wọ̀n ni yóò dà sínú ife. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ ife a máa ṣiṣẹ́ dáadáa bí ohun tí ó wà nínú rẹ̀ bá tó mìlílítà 3 sí 5. Bí oògùn bá kéré tí dókítà sì ní kí a là á, omi iyọ̀ ilé ìwòsàn ni a fi ń là á, èyí tí gíráàmù iyọ̀ 9 wà nínú lítà rẹ̀ kan, tí kò sì sí kòkòrò nínú rẹ̀. Omi kànga kọ́, omi inú ọ̀rá kọ́, omi iyọ̀ tí a pò nílé kọ́.

Kí aláìsàn jókòó, kí àyà rẹ̀ nà. Kí ife dúró gangan. Kí ìbòmú lẹ̀ mọ́ ojú: àwọn ìyá púpọ̀ a máa gbé e jìnnà sí ojú ọmọ nítorí pé ọmọ ń kọ̀ ọ́, afẹ́fẹ́ yàrá ni ó sì ń jẹ oògùn náà. Bí ọmọ bá ń ké tagbáratagbára, díẹ̀ ni yóò wọlé. Ó sàn kí a kọ́kọ́ rẹ̀ ẹ́. Kí ó máa mí jẹ́jẹ́ bí ó ti ń mí tẹ́lẹ̀. Láàárín ìṣẹ́jú 5 sí 10, ẹ̀rọ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í dún pọ́rọ́pọ́rọ́. Kí a fi ìka ta ife náà kí ẹ̀kán tí ó lẹ̀ mọ́ ara rẹ̀ lè sọ̀ kalẹ̀. Bí kùrukùru kò bá jáde mọ́, ó parí. Oògùn díẹ̀ yóò ṣẹ́ kù nídìí ife láìfọ̀rọ̀-gùn. Kì í ṣe ìfiṣòfò, kí a dà á nù. Kí a má ṣe tọ́jú rẹ̀ di ọ̀la. Bí oògùn náà bá jẹ́ irú èyí tí Faransé ń pè ní corticoïde, kí a yọ́ ẹnu kí a sì bọ́ ojú lẹ́yìn rẹ̀.

Fífọ̀ ni ó ṣòro jù láti mú wọ àwọn ènìyàn lọ́kàn, nítorí pé ife náà mọ́ lójú. Ṣùgbọ́n ife tí ó lọ́rinrin ni ibùsùn kòkòrò àìfojúrí; ohun tí ó bá sì hù níbẹ̀, ẹ̀rọ náà ni yóò fín in lọ sínú ẹ̀dọ̀fóró ọmọ lọ́jọ́ kejì. Lẹ́yìn ìlò kọ̀ọ̀kan, kí a tú ife sí wẹ́wẹ́, kí a fi omi tí a ti sè tí ó ti tutù ṣàn án, kí a gbọn omi rẹ̀ nù, kí a tò wọ́n sórí aṣọ mímọ́ kí afẹ́fẹ́ gbẹ wọ́n. Kí a má ṣe fi etí ìró nù ún. Lẹ́ẹ̀kan lóòjọ́, kí a fi ọṣẹ àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ fọ̀ ọ́. Bí ìwé ẹ̀rọ náà bá sọ pé ife rẹ̀ ṣeé sè, kí a sè é nínú omi híhó fún ìṣẹ́jú 5; ìbòmú púpọ̀ kò ṣeé sè, yóò ká. Okùn rọ́bà kò gbọdọ̀ wọ inú omi rárá. Bí ìrì bá wà nínú rẹ̀, kí a yọ ife kúrò, kí a jẹ́ kí mótò fẹ́ afẹ́fẹ́ gba inú rẹ̀ títí yóò fi gbẹ.

Nígbà gbogbo ni a ń bi wá bóyá a lè kán àdí sí i, tàbí ìpara tí ń ta sánsán, tàbí omi àgbo. Rárá. Òróró tí ó bá wọ ẹ̀dọ̀fóró kò rí ọ̀nà jáde bọ̀rọ̀, ó sì lè dá àìsàn sílẹ̀ níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ Amẹ́ríkà tí a sọ lókè yìí kò jìnnà sí i. Omi àgbo ní tirẹ̀ ní kòkòrò àti gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ nínú.

Ó wá ku ìgbà tí ẹ̀rọ bá kọ iṣẹ́. Bí ó bá jẹ́ tuntun tí ó ti Amẹ́ríkà wá, kí a ka ìdí rẹ̀ kí a tó kì í bọ ojú iná. Fólùtì 120 ni iná tiwọn, 220 ni ti Bẹ̀nẹ̀ àti Tógò. Èyí tí a kọ 100–240 sí lára kò léwu. Èyí tí a kọ 120 nìkan sí yóò jóná. Ìbátan wa kan pàdánù tirẹ̀ báyìí kí ó tó lò ó lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, òórùn rọ́bà jíjó nìkan ni ó kù nínú yàrá. Nọ́ńbà ni ó yẹ kí ó kà, ó sì mọ nọ́ńbà. Kò sí ẹni tí ó sọ fún un pé kí ó wò ó.

Bí mótò kò bá dún, kí a ki ohun mìíràn bọ ojú iná náà, kí a mọ̀ bóyá ojú iná ni ó kú. Bí ó bá ti ṣiṣẹ́ pẹ́ tí ó sì gbóná kí ó tó dákẹ́, kí a jẹ́ kí ó sinmi. Bí mótò bá ń dún tí kùrukùru kò jáde, ìdánwò kan wà tí ó ya ọ̀rọ̀ sí méjì: kí a yọ okùn rọ́bà kúrò nídìí ife, kí a fi ìka sí ẹnu rẹ̀. Bí afẹ́fẹ́ kò bá ta ìka dáadáa, okùn ti sán tàbí ó yọ níbi mótò, tàbí asẹ́ ti dúdú tí ó yẹ kí a pààrọ̀ rẹ̀. Bí afẹ́fẹ́ bá ta ìka, nínú ife ni àìdá wà: ó lè jẹ́ pé ó dà sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó lè jẹ́ pé oògùn gbígbẹ dí ihò. Kí a rẹ ẹ́ sínú omi gbígbóná, kí a má ṣe fi abẹ́rẹ́ tàbí ìgbálẹ̀ tọ ihò náà, nítorí bí ó bá ti fẹ̀, ẹ̀kán yóò tóbi jù, oògùn kì yóò sì dé ibi tí a rán an. Ṣùgbọ́n lójú tiwa, ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ jù ni pé wọ́n gbàgbé èérún ìdènà sínú abọ́ ìfọṣọ. Nítorí èyí, a ya àwòrán gbogbo èérún ife sínú ìwé náà, a sì kọ iye wọn sí i, kí ẹni tí ń fọ̀ ọ́ lè kà wọ́n bí ẹni ń ka ọmọ ayò.

Níbi tí iná kò sí, kí a má ṣe rò pé ọ̀nà ti pin. Ní ọdún 1999, àwọn oníṣègùn Cape Town tẹ ìwádìí kan jáde tí ó fi hàn pé ìgò oníke ìdajì lítà, tí a lu ìdí rẹ̀ tí a sì ki fọ́nfọ́n oògùn ikọ́ fée bọ̀ ọ́, lè ṣiṣẹ́ fún àwọn ọmọdé bí èyí tí a ń rà. Kí nọ́ọ̀sì ni ó fi hàn bí a ti ń lu ihò náà.

Gbólóhùn tí a fi sókè pátápátá nínú ìwé náà ni èyí tí ó sọ ìgbà tí a kò gbọdọ̀ dúró ti ẹ̀rọ mọ́. Faransé wí pé kí a sáré lọ sí ilé ìwòsàn bí ètè aláìsàn bá di aláwọ̀ ojú ọ̀run. Lára ọmọ dúdú, àwọ̀ ojú ọ̀run kì í sábà hàn dáadáa ní ètè. Ohun tí a kọ ni pé: bí egbò ìhà ọmọ bá ń wọnú ní gbogbo ìgbà tí ó bá mí, bí kò bá lè mu ọmú tàbí kò lè sọ gbólóhùn kan parí, bí ahọ́n rẹ̀ àti ìdí èékánná rẹ̀ bá ń ṣú bí aró, ẹ gbé e. Nígbà tí a ka èyí ní Kétu, àwọn ìyá náà kò béèrè ìbéèrè kankan. Wọ́n ń yẹ èékánná àwọn ọmọ tí ó wà lẹ́yìn wọn wò.