Bàbá Sàlá àti Ẹ̀rín Ìdí Tẹlifíṣàn

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọ̀ràn tó bá kọjá ẹkún, ẹ̀rín là á fi rín in. Àwọn tí wọ́n dàgbà nídìí tẹlifíṣàn nílẹ̀ Yorùbá mọ ìtumọ̀ òwe yìí dáadáa.

Ní ọdún 1959 ni WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn. Ilé tó ní ẹ̀rọ náà kò pọ̀ nígbà náà, nítorí náà ilé ẹnìkan a di ojúde gbogbo àdúgbò. Àgbà a gba àga, ọmọdé a jókòó sórí ẹní. Ọmọ tó bá bá ọmọ onílé jà lọ́sàn-án ti mọ̀ pé ojú fèrèsé ni òun yóò ti wòran lálẹ́.

Bí Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, Bàbá Sàlá, bá yọ, ẹ̀rín a ti sọ kó tó la ẹnu. Férémù awò ojú rẹ̀ tóbi, kò sì ní dígí. Tai ọrùn rẹ̀ fẹ̀ bí abẹ̀bẹ̀. Aago ńlá tó yẹ kó wà lórí tábìlì ló so mọ́ ọrùn ọwọ́! Àwọn àgbà ní ìrínisí ni ìsọnilọ́jọ̀. Bàbá Sàlá fi ìmúra rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ ẹni tí kò ní láárí tó ń ṣe bí ọlọ́lá.

Ahun, ọ̀kánjúwà àti ẹlẹ́tàn ló máa ń ṣe, ìtìjú ló sì máa ń gbẹ̀yìn wọn. Kò dárúkọ ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n ahun tó jókòó láàárín èrò mọ ara rẹ̀. Àṣà yìí ti wà tipẹ́. Eégún alárìnjó ti ń sín ọ̀mùtí àti Òyìnbó jẹ kí ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán tó dé, ẹ̀fẹ̀ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ sì ń fi àwàdà bá ìlú wí. Ẹ̀rọ ló jẹ́ tuntun. Iṣẹ́ náà kì í ṣe tuntun.

Ó ṣeni láàánú pé púpọ̀ nínú eré wọ̀nyí ti sọnù. Owó téèpù ga, wọ́n a sì máa gba eré mìíràn sórí èyí tó ti wà níbẹ̀. Bàbá Sàlá fúnra rẹ̀ papò dà ní 2018. Ibi tí ó kù tí a ti lè rí ọ̀pọ̀ eré náà ni orí àwọn tó wò wọ́n, àwọn náà sì ń darúgbó.

Ẹ̀yin olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́, ẹ tọ àwọn àgbà lọ, kí ẹ kọ ohun tí wọ́n bá rántí sílẹ̀. Àrọ́bá ni baba ìtàn.