Ọrùn Ọwọ́ Tó Rọ́ àti Kóòdù Tó Wà Nínú Ìwé Ilé-Ìwòsàn



Ní ọjọ́ Jímọ̀ kan, ẹ̀gbọ́n kan nínú mọ́sáláásí wa yọ̀ ṣubú níbi tí a ti ń ṣe àlùwàlá. Ó na ọwọ́ ọ̀tún láti fi gba ara rẹ̀, gbogbo ìwọ̀n ara rẹ̀ sì bọ́ sórí àtẹ́lẹwọ́ náà. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló fi ń ra oògùn ìrora lọ́wọ́ mi. Ohun tó máa ń sọ ni pé, "Àbúrò, ọwọ́ kàn rọ́ ni, á lọ." Nígbà tí mo rí i pé kò lè fi àtẹ́lẹwọ́ náà tẹlẹ̀ mọ́ nígbà ìforíkanlẹ̀, mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n wo ìwé ilé-ìwòsàn wọn. S63.5 ni kóòdù tó wà níbẹ̀. Mo bẹ̀ wọ́n kí wọ́n padà lọ bá dókítà. Lẹ́yìn àyẹ̀wò kejì, kóòdù náà di S63.3. Nọ́ńbà kan ṣoṣo ló yí padà, ṣùgbọ́n ìtọ́jú yí padà pátápátá.

Kí ni kóòdù yìí?

Àjọ Ìlera Àgbáyé ní ìwé kan tí wọ́n ń pè ní ICD. Ó fún àìsàn àti ìpalára kọ̀ọ̀kan ní lẹ́tà àti nọ́ńbà tirẹ̀, kí dókítà ní Ìbàdàn àti dókítà ní Jámánì lè gbọ́ra wọn yé. Nínú ẹ̀dà kẹwàá rẹ̀, ìyẹn ICD-10, lẹ́tà S wà fún ìpalára. S60 títí dé S69 jẹ́ ti ọrùn ọwọ́ àti ọwọ́ fúnra rẹ̀. S62 ni egungun tó kán níbẹ̀. S63 ni oríkèé tó yẹ̀, tàbí okùn ara tó fà tàbí tó já.

Egungun kéékèèké mẹ́jọ ló wà nínú ọrùn ọwọ́. Àwọn okùn líle tí Ọlọ́hun fi so wọ́n mọ́ra ni àwọn oníṣègùn ń pè ní ligament. Bí okùn náà bá fà ju bó ṣe yẹ lọ, S63.5 ni. Bí ó bá já, S63.3 ni. Èyí tó fà sábà máa ń san bí ọwọ́ bá sinmi fún ọ̀sẹ̀ díẹ̀. Èyí tó já lè gba kí wọ́n fi ọwọ́ sínú pọ́ọ̀pù, tàbí kí wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ. Bí a bá fi í sílẹ̀, àwọn egungun lè máa sún kúrò ní àyè wọn, tí oríkèé yóò fi máa jẹ díẹ̀díẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ẹ ṣọ́ra o: egungun ni ẹ́sírè ń fi hàn, kì í fi okùn hàn. Bí wọ́n bá ní ẹ́sírè kò rí nǹkan kan, tí ìrora kò sì lọ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, ẹ padà lọ.

Ẹnu aláìsàn ni kóòdù ti ń bẹ̀rẹ̀

Òṣìṣẹ́ tó ń kọ kóòdù kò rí ọwọ́ yín. Ohun tí dókítà kọ ló ń kà. Dókítà náà sì nílò ohun tí ẹ bá sọ fún un. Nítorí náà, ẹ sọ bí ẹ ṣe ṣubú, ọwọ́ tó jẹ́, bóyá nǹkan dún "pó" nínú rẹ̀, àti ohun tí ẹ kò lè ṣe mọ́: fífún aṣọ, gbígbé kẹ́tù àlùwàlá, títẹ ọwọ́ mọ́lẹ̀ lórí ìrun.

Àwọn ọmọ wa tó wà ní Amẹ́ríkà yóò rí kóòdù tó gùn jù báyìí lọ. Láti ọjọ́ 1 oṣù kẹwàá ọdún 2015 ni wọ́n ti ń lo ẹ̀dà tiwọn níbẹ̀. Ẹ wo S63.301A: nọ́ńbà 1 tó gbẹ̀yìn túmọ̀ sí ọwọ́ ọ̀tún; 2 ni òsì; 9 túmọ̀ sí pé wọn kò sọ èwo ni. Lẹ́tà A ń sọ pé ìtọ́jú gan-an ṣì ń lọ lọ́wọ́, D pé ọwọ́ ti ń san tí wọ́n kàn ń yẹ̀ ẹ́ wò, S pé àbájáde ìpalára àtijọ́ ni. Bí wọ́n bá kọ òsì dípò ọ̀tún, ilé-iṣẹ́ adójútòfò lè kọ̀ láti san owó náà. Kí wọ́n ka ìwé wọn kí wọ́n tó kúrò níbẹ̀.

Ohun tí a lè ṣe nílé

Ẹ tètè bọ́ òrùka àti aago. Ẹ fi aṣọ wé yìnyín, kí ẹ gbé e lé ibẹ̀ fún bí ogún ìṣẹ́jú. Ẹ gbé ọwọ́ náà sókè, ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fà á tàbí kí ó fi òróró gbígbóná wọ́ ọ. Ẹni tó ní ọgbẹ́ inú, ẹ̀jẹ̀ ríru tàbí àìsàn kíndìnrín kò gbọdọ̀ dédé ra ibuprofen tàbí diclofenac. Kí ó béèrè lọ́wọ́ apòògùn. Bí ọwọ́ bá tẹ̀, tí ìka ń kú tàbí tí ó ń funfun, ilé-ìwòsàn lójú ẹsẹ̀ ni.

Bí wọ́n bá di ọwọ́ yín, ẹ má tú u nítorí àlùwàlá. Àwọn onímímọ̀ ẹ̀sìn fàyè gba kí a fi ọwọ́ tútù pa orí ohun tí wọ́n fi dì í. Ẹ bi àfáà yín nípa bí ẹ ó ṣe ṣe é.

Ní ti àwa tí à ń tọ́jú mọ́sáláásí, ẹ jẹ́ kí a máa fi ọṣẹ àti búrọ́ọ̀ṣì fọ ilẹ̀ ibi àlùwàlá lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, kí ó má baà máa yọ̀. Ìmọ́tótó yẹn náà ń dáàbò bo ọwọ́ tí a fi ń foríkanlẹ̀. Kí Ọlọ́hun fún wa ní àlàáfíà. Āmīn.